Sinimá Tí Kò Lóhùn Nílé-Kéwú Wa

Ohùn ọmọbìnrin mi kì í ṣe ohun téèyàn lè fi pamọ́. Nígbà tó wà lọ́mọ oṣù mẹ́ta, tó bá ké lórí bẹ́ẹ̀dì wa, ará ilé kejì á fọwọ́ gbá ògiri. Nígbà tó fi máa pé ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, ó ti lè dúró níbi ìgbọ́kọ̀sí kó sì pè mí lájà kẹta, màá gbọ́ ọ nínú ilé ìdáná, bó tilẹ̀ jẹ́ pé omi ń ṣàn, ẹ̀fọ́ sì ń hó. Mi ò mọ ibi tó ti rí i. Èmi fúnra mi, tí mo bá sọ̀rọ̀, wọ́n á ní kí n tún un sọ. Ìyá ọkọ mi ni mo fura sí. Obìnrin yẹn máa ń dúró lójúde rẹ̀ n'Ìbàdàn, á máa bá ẹni tó wà lódìkejì títì jiyàn, mọ́tò á sì máa gba àárín wọn kọjá.

Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, láàárín àwọn ọdún 1990, Glenarden l'Amẹ́ríkà là ń gbé, lájà kẹta ilé onífúláàtì kan. Àwa ìdílé Yorùbá tó jẹ́ Mùsùlùmí, tá a fọ́n káàkiri láti Cheverly títí dé Clinton, pawọ́ pọ̀ gba yàrá ńlá tó wà nísàlẹ̀ ilé náà, ká lè máa kọ́ àwọn ọmọ wa ní kéwú láràárọ̀ Sátidé. Ọkọ mi ló fọwọ́ sí ìwé àdéhùn. Láti ọjọ́ náà ló ti ń rìn bí ẹni tí wọ́n fi jẹ baálẹ̀. Tí gílóòbù kan bá kú nínú yàrá yẹn, lójú tirẹ̀, ẹnì kan ló fẹ́ ba òun lórúkọ jẹ́.

Àfáà wa jẹ́ àgbàlagbà láti Ìsẹ́yìn. Láti Mọ́ńdè dé Fúráìdè, inú yàrá gíláàsì tóóró kan níbi ìgbọ́kọ̀sí onísanwó kan ló máa ń jókòó sí, á máa gba tíkẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́ àwọn awakọ̀. Ó ní òun kì í sọ ju ọ̀rọ̀ méjì lọ lójúmọ́ níbẹ̀. Nítorí náà, tó bá di Sátidé, gbogbo ọ̀rọ̀ tó ti kó jọ láti ọjọ́ Mọ́ńdè ló máa ń dà lé wa lórí. Àwọn ọmọ fẹ́ràn rẹ̀, wọ́n sì ń bẹ̀rù rẹ̀ níwọ̀nba.

Kéwú kọ́ ni ìṣòro wa. Ìṣòro wa ni wákàtí kan tó wà láàárín ìgbà tí kéwú bá parí àti ìgbà tá a máa kí ìrun Àyìlá. Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, a máa ń tú wọn síta, wọ́n á lọ sáré lórí koríko. Ṣùgbọ́n nígbà òtútù, tí yìnyín bá ti bo ilẹ̀, inú yàrá yẹn náà ni ọmọ mẹ́tàlélógún máa wà, tí wọ́n ti jẹ pọ́ọ̀fù-pọ́ọ̀fù, tí wọ́n ti mu jùúsì, tí ṣúgà sì ti gùn wọ́n. Wọ́n á sáré, wọ́n á jà, wọ́n á fo láti orí àga sí orí àga. Ọkùnrin kan sì wà tó ń gbé lókè yàrá náà gan-an, ẹni tó máa ń ti ibi iṣẹ́ òru dé láàárọ̀ Sátidé. Mi ò lè dá a lẹ́bi. Èmi náà ti ṣiṣẹ́ òru rí, mo mọ bó ṣe máa ń rí lára téèyàn bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dijú tán tí ẹnì kan sì bẹ̀rẹ̀ sí í fẹsẹ̀ lu ilẹ̀.

Ó fi ẹjọ́ wa sun máníjà ilé. Máníjà kọ létà. A bẹ̀bẹ̀. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, létà kejì dé, ó ní tí ìkẹta bá tẹ̀ lé e, ká máa kó ẹrù wa lọ. Létà kejì yẹn mẹ́nu ba ọmọ tèmi. Kò dárúkọ o, ó kàn ní ọmọbìnrin kékeré kan wà níbẹ̀ tí ohùn rẹ̀ ń gba inú ilẹ̀ kọjá. Kò sẹ́ni tó bi wá pé ta ni.

Ọkọ mi ka létà náà sókè níwájú gbogbo òbí. Ó ká a, ó fi sápò, ó sì tọ́ka sí ọmọ wa.

"Ẹ̀yin ènìyàn, ẹ bá mi ṣe ẹlẹ́rìí o. Tí third letter bá fi lè dé nítorí ọmọ yìí, bí school bá ti close ní June, Ìbàdàn ni mò ń gbé e lọ. Ọ̀dọ̀ ìyá mi ló máa wà. Ibẹ̀ ni wọ́n á ti kọ́ ọ bí wọ́n ṣe ń dákẹ́."

Ẹ̀rín fẹ́ pa mí. Kò sẹ́ni tó kọ́ bí wọ́n ṣe ń dákẹ́ rí nílé ìyá rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà kì í ṣe àwàdà. Ẹni tó bá tọ́mọ lágbègbè wa nígbà náà mọ̀ pé "màá gbé ẹ lọ sílé" ju ìhàlẹ̀ lásán lọ. Ọmọ kan wà ní Clinton tí wọ́n ní kó lọ lo ọlidé lọ́dọ̀ ìyá àgbà rẹ̀, ọlidé náà sì ti wọ ọdún kẹta. Ẹ̀gbẹ́ ọmọ mi ló máa ń jókòó sí nílé-kéwú. Lọ́jọ́ kan ó wà níbẹ̀, lọ́jọ́ kejì kò sí níbẹ̀ mọ́. Àwọn ọmọ kì í dárúkọ rẹ̀ sókè.

Mo sì gbọ́ ohun tí ọkọ mi sọ, mi ò sọ pé rárá. Ká sọ tòótọ́, mo tún gbè é lẹ́sẹ̀. Lọ́sẹ̀ yẹn, mo rí àpótí onítáyà kan tí wọ́n ń tà ní ọ̀pọ̀, pupa fòò, mo rà á, mo sì gbé e sí igun yàrá ọmọ náà. Mo ní ká fi dẹ́rù bà á ni. Mo rò pé ọgbọ́n ni mò ń dá.

Kò tó ọ̀sẹ̀ kan, ọmọ rọ̀ wọ̀ọ̀. Tá a bá pè é, á wá, kò ní dáhùn láti òkèèrè. Tá a bá bi í ní ọ̀rọ̀, á mi orí. Kò kọrin nínú balùwẹ̀ mọ́. Nígbà tí olùkọ́ rẹ̀ pè mí láti iléèwé pé kí ló dé tí kò nawọ́ sókè mọ́ nínú kíláàsì, mo ní ó ń dàgbà ni. Ọkọ mi ń yan kiri inú pálọ̀. "Ṣé ẹ rí i? Ọmọ Amẹ́ríkà ò jù báyẹn lọ." Àwa méjèèjì sì dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, kí Ọlọ́run dárí jì wá.

Ṣùgbọ́n ọmọ méjìlélógún ló kù, wọn ò sì ra àpótí fún àwọn yẹn. Wákàtí kan yẹn ṣì wà níbẹ̀, oṣù méjì ṣì kù kí òtútù tó lọ. Ọkọ mi bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀ mí.

"Ìwọ tó ń ṣiṣẹ́ ní library, wá nǹkan kan. Ohunkóhun tó máa mú wọn jókòó."

Iṣẹ́ mi nígbà náà ò ju pé kí n máa to ìwé padà sórí pẹpẹ lọ, ní láíbìrì kékeré kan lọ́nà Cheverly. Fídíò ti dé, nítorí náà àwọn fíìmù àtijọ́ tó wà nínú agolo pẹlẹbẹ ti di ohun tí wọ́n ń kó sẹ́yìn ilẹ̀kùn. Ọ̀gá mi, obìnrin aláwọ̀ funfun kan tó máa ń so gíláàsì ojú rẹ̀ mọ́ ọrùn, ń yẹ̀ wọ́n wò lọ́kọ̀ọ̀kan kó tó kó wọn dànù. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó pè mí pé kí n wá wo ọ̀kan.

Àwọn ọmọdé ni, láti ìbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀ tí wọ́n ti ń ṣe sinimá. Wọ́n ń ṣeré, kò sí ìtàn nínú rẹ̀. Àwọn ọmọkùnrin ń fi igi yí àgbá kẹ̀kẹ́ lórí títì. Àwọn ọmọbìnrin tó wọ aṣọ funfun ń fo okùn. Àwọn kan fi ìrọ̀rí na ara wọn títí òwú inú rẹ̀ fi kún yàrá. Ọmọ kékeré kan ń fi ṣíbí fún ológbò lóunjẹ, ológbò ń yí orí kúrò, ọmọ náà ò sì gbà. Gbogbo rẹ̀ ò ní ohùn. Kò sí ọ̀rọ̀, kò sí orin, àfi ẹ̀rọ tó ń ṣe kàkàkàkà. Mo dúró níbẹ̀, mo ń rẹ́rìn-ín bí ọmọdé, bẹ́ẹ̀ ni mo ń ṣírò lọ́kàn. Sinimá tí kò pariwo fún ọmọ tá ò fẹ́ kó pariwo. Mo ní kí ọ̀gá mi jọ̀ọ́ yá mi pẹ̀lú ẹ̀rọ rẹ̀.

Ó ku Àfáà. Àfáà kórìíra sinimá. Ó ní ohun mẹ́ta ló kún inú rẹ̀: orin, ìhòòhò àti irọ́. Mo gbé ẹ̀rọ lọ bá a nílé, mo kúnlẹ̀ kí i.

"Orin ńkọ́?" ó bi mí.

"Kò sí sà. Kò tiẹ̀ sí ohùn rárá."

"Ìhòòhò?"

"Ọmọdé ni wọ́n sà. Aṣọ tí wọ́n wọ̀ pọ̀ ju tèmi yìí lọ."

"Irọ́?"

"Wọ́n kàn ń ṣeré ni, Àfáà."

Ó ronú sí ìyẹn. Ó ní ká ta ṣíìtì sára ògiri, kí òun fojú ara òun rí i. Ó jókòó, ó mú tẹ̀sùbáà rẹ̀ dání, ó rojú kókó. Mo tan ẹ̀rọ. Àwọn ọmọ ń sáré bí wọ́n ṣe máa ń sáré nínú fíìmù àtijọ́, ẹsẹ̀ wọn ń lọ wéréwéré.

"Kí ló ń lé wọn?"

"Kò sí nǹkan kan sà. Bí ẹ̀rọ ayé ìgbà yẹn ṣe ń yà wọ́n nìyẹn."

"Ẹsẹ̀ wọn ò ní jẹ́ kí wọ́n sanra láé." Ó wò ó síwájú. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, ó fi tẹ̀sùbáà tọ́ka. "Ṣé àwọn ọmọ yìí ṣì wà láyé?"

Mo ní bóyá ni. Ẹni tó bá kéré jù nínú wọn á ti sún mọ́ ọgọ́rùn-ún ọdún. Ó ka ìlẹ̀kẹ̀ bíi mélòó kan, ètè rẹ̀ ń mì.

"Ọlọ́run á kẹ́ wọn. Dá a padà síbi ọmọ tó ń fún ológbò lóunjẹ."

Ẹ̀ẹ̀mẹrin la wo ológbò lọ́jọ́ náà. Kí n tó lọ, ó fọwọ́ sí i, pẹ̀lú àdéhùn kan péré: ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀. Ó ní bí fíìmù bá dákẹ́ tí ènìyàn ò dákẹ́, kí ni wọ́n wá ṣe?

Nígbà tó di Sátidé, yìnyín tún rọ̀. Àwọn òbí tó sábà máa ń já ọmọ sílẹ̀ kí wọ́n lọ, ọ̀pọ̀ wọn ló dúró. Wọ́n ní títì ò dára, ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé wọ́n ti gbọ́ nípa sinimá ni. A fi ìró bo fèrèsé. Àwọn ọmọ jókòó sórí ẹní ìkírun, àwọn àgbà jókòó sórí àga lẹ́yìn wọn. Ọkọ mi dìde níwájú, ó gbá ọwọ́ lẹ́ẹ̀kan.

"Mi ò fẹ́ gbọ́ pín-ín. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín, kó rẹ́ ẹ sínú. Third letter is not my portion."

Kò wo ẹlòmíì nígbà tó ń sọ ọ́, ọmọ wa ló ń wò. Kí n tó tan ẹ̀rọ, ọmọ náà ti gbé ọwọ́ méjèèjì, ó fi bo ẹnu ara rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí n yin àwọn ọmọ yẹn. Wọ́n dákẹ́. Ọmọ tá a bá tọ́ ní Amẹ́ríkà, tí o bá pa iná, tí o tan sinimá, á jókòó. Wọ́n ń gbá ara wọn ní ìgbọ̀nwọ́, èjìká wọn ń mì fún ẹ̀rín, ṣùgbọ́n ohùn kankan ò jáde. Nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́ta, kàkàkàkà ẹ̀rọ nìkan là ń gbọ́. Mo ń yọ̀ nínú mi.

Ẹ̀yìn ni nǹkan ti bẹ̀rẹ̀.

"Ah-ah, ta ló bí eléyìí?" Obìnrin kan láti Cheverly ni, ó sọ ọ́ wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́. Ọmọ kan ti ṣubú lé àgbá kẹ̀kẹ́ rẹ̀ lórí.

"Ìyá rẹ̀ ò sí nílé," ẹlòmíì dá a lóhùn.

"Ó máa ya aṣọ yẹn. Wò ó, wò ó, ṣé o rí i? Mo sọ bẹ́ẹ̀!"

Kò yẹ kó yà mí lẹ́nu. Yorùbá wo ló máa rí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ tí kò ní sọ pé ó ń ṣẹlẹ̀? Tí fíìmù bá ń sọ̀rọ̀, a lè gbà á láyè kó sọ tirẹ̀ tán. Ṣùgbọ́n èyí tí kò sọ nǹkan kan, ó dà bíi pé ó fi ọ̀rọ̀ sílẹ̀ fún wa ni. Nígbà tó kan ọmọ tó ń fún ológbò lóunjẹ, Àfáà fúnra rẹ̀, ẹni tó ṣòfin, bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé rẹ̀ sókè fún gbogbo wa. "Kò ní jẹ ẹ́ o. Ẹ fọkàn balẹ̀, mo ti wò ó rí." Àwọn ọmọ bojú wẹ̀yìn, wọ́n ń wo àwa àgbà.

Lẹ́yìn náà ni òkòtò wá dé.

Àwọn ọmọkùnrin mẹ́fà tò yíká ilẹ̀ kan, wọ́n fi okùn wé nǹkan kan tí ẹnu rẹ̀ ṣóńṣó, wọ́n jù ú sílẹ̀, ó ń pòòyì. Kì í ṣe irú tiwa gẹ́lẹ́, àwa ìka la fi ń ta tiwa. Ṣùgbọ́n òkòtò kì í jọ nǹkan míì lójú ẹni tó ti ta á rí. Ọkọ mi sún síwájú lórí àga rẹ̀. Ohun tí mo gbàgbé láti sọ fún yín ni pé nígbà tó wà lọ́mọdé n'Ìbàdàn, kò sẹ́ni tó lè ta òkòtò bíi tirẹ̀ láàárín àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Ó ti sọ ìyẹn fún mi ṣáájú kó tó sọ pé òun fẹ́ fẹ́ mi.

Òkòtò méjì ló kù tó ń yí. Ọmọ kan tó dé fìlà gígùn na ẹsẹ̀ rẹ̀ síwájú díẹ̀, òkòtò ẹnì kejì sì dojú bolẹ̀.

"Ó fẹsẹ̀ tì í!" Ọkọ mi ti dìde.

"Kò fẹsẹ̀ tì í," ọkùnrin kan láti Clinton, ọmọ Ọ̀yọ́, dáhùn. "Fúnra rẹ̀ ló ṣubú."

"Fúnra rẹ̀ báwo? Ojú mi rí i! Ìyàwó mi, dá a padà!"

Èmi náà, tí orí mi ò pé, mo dá a padà. A tún un wò. Ọkọ mi ní ẹsẹ̀ kàn án. Ọmọ Ọ̀yọ́ ní òjìji ẹsẹ̀ ni. Àwọn obìnrin pín sí méjì. Àfáà ní ká mú ẹlẹ́rìí mẹ́rin wá. A dá a padà lẹ́ẹ̀kejì, a dá a padà lẹ́ẹ̀kẹta, ọkọ mi sì ti bọ́ síwájú, inú ìmọ́lẹ̀ ẹ̀rọ ló wà, àwọn ọmọ yẹn ń ta òkòtò lórí ẹ̀wù rẹ̀. Ó na ìka sí ògiri.

"OJÓÓRÓ! Ojóóró ni! Fún un lókòtò rẹ̀! Olè ni ẹ́!"

Ọmọ tí ọkọ mi ń bú yẹn, ó ṣeé ṣe kó ti kú kí wọ́n tó bí ọkọ mi gan-an.

Èmi ò wo ọkọ mi mọ́ nígbà náà. Fíìmù ti kúrò lórí òkòtò, ó ti bọ́ sórí ọmọbìnrin kan tí wọ́n ń jù fìrì-fìrì lórí jangirọ́fà. Ó ju orí sẹ́yìn, ó la ẹnu gbàgà, ó ń rẹ́rìn-ín, èèyàn lè ka eyín rẹ̀, kò sì sẹ́ni tó máa gbọ́ ẹ̀rín yẹn mọ́ títí ayé. Mo gbójú kúrò lára ògiri, mo wo ọmọ tèmi. Ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì ṣì wà lẹ́nu rẹ̀. Ó ti fi tẹ̀ ẹ́ débi pé ìka ti hàn lára ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ojú rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín, omi sì wà nínú ojú náà. Mo wá rántí pé ó ti ju ọ̀sẹ̀ márùn-ún lọ tí mo ti gbọ́ ohùn ọmọ yẹn gbẹ̀yìn, kí n sòótọ́, mi ò sì ṣàárò rẹ̀. Ojú tì mí. Wọ́n ní àgbà kì í wà lọ́jà kórí ọmọ tuntun wọ́. Èmi wà lọ́jà.

Ẹnì kan kan ilẹ̀kùn. Máníjà ilé ni, pẹ̀lú ọkùnrin tó ń gbé lókè lẹ́yìn rẹ̀, tòun ti aṣọ ìsùn. Mo tan iná. Máníjà wo ọmọ mẹ́tàlélógún tó jókòó lórí ẹní, tí ẹnikẹ́ni nínú wọn ò mí. Ó wo ọkọ mi tó dúró láàárín yàrá pẹ̀lú ìka lókè. Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, ní í kó ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ó ní òun wá bá àwọn ọmọdé wí ni, òun ò mọ bí wọ́n ṣe ń bá bàbá wọn wí. Ó ní létà á dé lọ́jọ́ Mọ́ńdè.

Wọ́n ti ilẹ̀kùn. Ọmọbìnrin mi mú ọwọ́ kúrò lẹ́nu, ó sì sọ ọ̀rọ̀ kan tó rọra débi pé bàbá rẹ̀ ní láti bẹ̀rẹ̀ kó tó gbọ́.

"Daddy, ta ló wá máa lọ sí Ìbàdàn? Is it still me?"

Gbogbo ilé bú sẹ́rìn-ín. Àfáà ń fi ọwọ́ lu itan. Ọmọ Ọ̀yọ́ fẹ́ bọ́ lórí àga. Ọkọ mi náà bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín, ó wá wo ojú ọmọ náà, ẹ̀rín ọ̀hún sì gbẹ mọ́ ọn lẹ́nu. Ọmọ náà ò rẹ́rìn-ín. Ó bi í léèrè ni, ó ń dúró de èsì.

A kírun, gbogbo èèyàn túká. Bá a ṣe gòkè délé, ọkọ mi wọ yàrá ọmọ lọ tààrà, ó ní òun fẹ́ gbé àpótí yẹn kúrò níwájú òun. Ó fà á, kò yára tẹ̀ lé e. Ó wúwo. Mi ò fi nǹkan kan sínú rẹ̀ nígbà tí mo rà á.

Ó ṣí i lórí ilẹ̀. Ọmọ náà ti di ẹrù rẹ̀. Ó ti ká ṣòkòtò, ó ti ká ìbòrí kéwú rẹ̀, búrọ́ọ̀ṣì eyín wà nínú nylon. Ó di súẹ́tà mẹ́ta sí i. Lábẹ́ gbogbo rẹ̀, ó di bàtà yìnyín rẹ̀, nítorí pé nínú gbogbo ìhàlẹ̀ Ìbàdàn tá a fi ń dẹ́rù bà á, kò sẹ́ni tó jókòó sọ fún un pé kì í sí òtútù níbẹ̀.

Ọkọ mi di bàtà yẹn mú, ẹsẹ̀ kan ní ọwọ́ kan. Ọmọ náà dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wò wá.

"Má bínú," ọkọ mi sọ fún un. "O ò lọ síbì kankan. Èmi ni mo ṣe é. Má bínú."

Mi ò gbọ́ kó sọ ọ̀rọ̀ yẹn fún ọmọdé rí, àti fún èmi náà, ẹ̀ẹ̀mélòó ni. Mo ní èmi náà ṣẹ̀ ẹ́. Ọmọ wa wo èmi, ó wo bàbá rẹ̀, ó sì mi orí.

Létà dé lọ́jọ́ Mọ́ńdè lóòótọ́. A kó ilé-kéwú lọ sí gáráàjì ọmọ Ọ̀yọ́ ní Clinton, níbi tí kò ti sí ẹnikẹ́ni lókè orí wa, ọkọ mi àti onílé sì ń jiyàn òkòtò níbẹ̀ títí tá a fi kúrò ní àgbègbè yẹn. Gbogbo ìyẹn yá kíákíá. Ọmọ wa ni kò yá. Mo rò pé a ti bẹ̀ ẹ́, ó ti parí, ohùn rẹ̀ á padà lọ́jọ́ kejì. Kò padà. March kọjá, April kọjá. A máa ń pè é sí pálọ̀, bàbá rẹ̀ á máa ṣe ìranù kó lè rẹ́rìn-ín, á rẹ́ ẹ, á sì fi ọwọ́ bo ẹnu.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan nínú oṣù May, mò ń ṣa ewé ẹ̀fọ́ nínú ilé ìdáná, fèrèsé ṣí sílẹ̀. Mo gbọ́ igbe kan láti ìsàlẹ̀, gígùn, tó lè fọ́ gíláàsì. Mo rò pé mọ́tò ti gbá ẹnì kan, mo sáré dé fèrèsé. Òun ni. Ó ń bá àwọn ọmọ àdúgbò ṣeré lórí koríko, ẹnì kan ti ṣe ojóóró, ó sì ń sọ fún gbogbo Glenarden. Obìnrin kan lájà kejì yọ orí síta, ó gbójú sókè wò mí pé kí n bá ọmọ mi sọ̀rọ̀.

Mo rí obìnrin náà dáadáa. Mo gbé ọwọ́ mi tó kún fún ẹ̀fọ́ lé férémù fèrèsé, omi ń bọ́ lójú mi, mi ò sì sọ fún ọmọ náà pé kó dákẹ́.